Ohun Tí Mo Fi Orúkọ Ṣọ́ọ̀ṣì Bò Mọ́lẹ̀

Ó ti tó ọ̀sẹ̀ mẹ́fà báyìí tí iná kékeré kan ò jẹ́ kí n fi ọkàn balẹ̀ sùn. Kì í ṣe iná ilé, kì í ṣe iná oko. Inú àwòrán ló wà, nínú òkùnkùn tó wà lẹ́yìn ọkùnrin kan tó ń kọ̀wé lóru. Ẹni tó ya àwòrán náà ti kú ó lé ní 400 ọdún, iná tó dá síbẹ̀ sì ń jó lọ láti ìgbà náà. Èmi ni mo pa á. Mo fi lẹ́tà aláwọ̀ òféèfèé bò ó mọ́lẹ̀, mo tẹ 400 ẹ̀dà rẹ̀, mo gba owó iṣẹ́ mi, mo sì dúpẹ́ lọ́wọ́ oníbàárà.

Ẹ jẹ́ kí n sọ bó ṣe ṣẹlẹ̀. Bí mi ò bá sọ ọ́, mi ò rò pé ó máa kúrò lọ́kàn mi.

Ibi tó ṣófo

Iṣẹ́ ìtẹ̀wé ni mo ń ṣe, ní Mókólá, n'Ìbàdàn. Ẹni tó bá mọ Mókólá á mọ ariwo ibẹ̀: ẹ̀rọ tó ń gé pépà, ẹ̀rọ tó ń tẹ̀ ẹ́, jẹnẹrétọ̀, àti ẹni tó ń sáré kiri pé àwọn oníṣẹ́ òun ti dé, ìwé ò tíì gbẹ. Káàdì ìgbéyàwó, kàlẹ́ńdà, ìwé ìlànà ìsìn, ìwé ìsìnkú: ohun tí à ń jẹ nìyẹn.

Bàbá kan tó jẹ́ alága ìgbìmọ̀ ayẹyẹ ní ṣọ́ọ̀ṣì wọn ló gbé iṣẹ́ yìí wá. Orúkọ Mátíù Mímọ́ ni ṣọ́ọ̀ṣì náà ń jẹ́, ọjọ́ 21 oṣù Kẹsàn-án sì ni ìjọ Áńgílíkà máa ń ṣe ìrántí Mátíù. Bàbá ní, "Ọmọ mi, ọdọọdún ni wọ́n ń fi àwòrán kan náà sí i fún wa. Bá mi wá Mátíù mìíràn. Kó máa kọ̀wé, kójú rẹ̀ sì jọ ojú ẹni tó ń ronú."

Mo wá a fún ọjọ́ méjì. Orí ìkànnì Metropolitan Museum of Art ti New York ni mo ti rí i. Láti 2017 ni wọ́n ti yọ̀ǹda àwòrán iṣẹ́ ọnà àtijọ́ wọn tí kò lẹ́ni tó ni ẹ̀tọ́ rẹ̀ mọ́, kí ẹnikẹ́ni lè gbé e, kó sì lò ó láìsan kọ́bọ̀. Giovanni Gerolamo Savoldo ló yà á, ní nǹkan bí ọdún 1534, àkókò tí àwọn ará Ítálì ń yàwòrán bí ẹni pé wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ là lójú. Kánfáàsì náà kò tóbi púpọ̀: 93.4 sẹ̀ǹtímítà ni gíga rẹ̀, 124.5 ni fífẹ̀ rẹ̀. Mátíù jókòó sídìí tábìlì, gègé ìkọ̀wé wà lọ́wọ́ rẹ̀, aṣọ pupa kan tó fẹjú gbòòrò bò ó láti èjìká. Fìtílà kékeré kan wà níwájú rẹ̀. Ìmọ́lẹ̀ fìtílà yẹn gba ìsàlẹ̀ gòkè, ó wọ gbogbo ìṣẹ́po aṣọ náà, débi tí ẹ ó fi rò pé bí ẹ bá fọwọ́ kàn án, ẹ ó gbọ́ ooru. Áńgẹ́lì kan yọ sí i láti inú òkùnkùn, Mátíù sì yíjú sí i, bí ìgbà tí wọ́n bá pe ènìyàn lórúkọ nígbà tí iṣẹ́ ń wọ̀ ọ́ lára.

Ojú ẹsẹ̀ ni mo mọ̀ pé mo ti rí ohun tí Bàbá ń wá. Ohun kejì tí mo rí, kí n má purọ́, ni pé ààyè pọ̀ lẹ́yìn. Bí ojú àwa tí à ń ṣe ètò ìwé ṣe ń ríran nìyẹn. Ká tó wo ẹni tó wà nínú àwòrán, a ti wo ibi tó ṣófo, torí ibẹ̀ ni orúkọ, ọjọ́ àti àkókò máa wọ̀. Òkùnkùn ni ọ̀rẹ́ wa tó dára jù. Lẹ́tà òféèfèé lórí dúdú kì í já ènìyàn kulẹ̀.

Àwòrán tó fẹ̀ ni, ìwé tí mo fẹ́ ṣe sì ga ju bó ṣe fẹ̀ lọ. Mo gbé e sínú CorelDRAW, mo gé e níbí, mo gé e lọ́hùn-ún, mo sún Mátíù wá sáàárín. Mo wá to orúkọ ṣọ́ọ̀ṣì sínú ibi tó dú jù, lẹ́tà ńlá, ìlà méjì. Gbogbo rẹ̀ ò gbà ju ogójì ìṣẹ́jú lọ.

Nígbà tí Bàbá rí i, ó dì í mú jìnnà síra rẹ̀ bí àwọn àgbà ṣe máa ń ṣe, ó sì rẹ́rìn-ín. "Ọmọ mi, ó dára gan-an ni. Òkùnkùn yẹn gan-an ló jẹ́ kí orúkọ ṣọ́ọ̀ṣì wa hàn ketekete."

Inú mi dùn sí ọ̀rọ̀ yẹn. Mo fi í yangàn fún àwọn tí a jọ wà ní ìlà ṣọ́ọ̀bù.

Alẹ́ tí mo rí i

Ìsìn ti kọjá ní bí ọ̀sẹ̀ kan. Mo pẹ́ ní ṣọ́ọ̀bù lálẹ́ ọjọ́ kan, mò ń parí ìwé ìsìnkú tí wọ́n máa wá gbà ní kùtùkùtù. Iná lọ. Epo ti tán nínú jẹnẹrétọ̀. Mo rán ọmọ tó ń kọ́ṣẹ́ lọ́dọ̀ mi lọ ra epo, mo ti láàpútọ́ọ̀pù pa kí ìwọ̀nba bátìrì tó kù má bàa tán, mo sì jókòó sínú òkùnkùn. Ó pẹ́ kó tó dé. Ó tó ìdajì wákàtí. Mo kọ́kọ́ ń bínú, nígbà tó yá mi ò bínú mọ́. Mo bẹ̀rẹ̀ sí í rí ẹsẹ̀ àga, etí ìdì pépà tí wọ́n tò sí ògiri, ike omi lórí fèrèsé. Àwọn ohun tí mi ò rí nígbà tí iná ṣẹ̀ṣẹ̀ lọ.

Nígbà tí ara mi ò gbà á mọ́, mo ṣí láàpútọ́ọ̀pù padà, mo dín ìmọ́lẹ̀ ojú rẹ̀ kù pátápátá, mo sì ní kí n ṣe díẹ̀ nínú iṣẹ́ náà. Mo nílò àwọ̀ dúdú kan tó jinlẹ̀ fún ẹ̀yìn fọ́tò olóògbé. Mo rántí òkùnkùn Savoldo. Mo wá fáìlì àkọ́kọ́, odindi àwòrán náà bó ṣe wà kí n tó gé e, mo tẹ̀ ẹ́, mo gbé ọfà lọ sí ibi tí mo mọ̀ pé ó dú jù, kí n mú àwọ̀ níbẹ̀.

Ibẹ̀ ò dú.

Mo kọ́kọ́ rò pé ìdọ̀tí ló wà lójú láàpútọ́ọ̀pù. Mo fi ẹ̀yìn ìka nù ún. Ó ṣì wà níbẹ̀: nǹkan pupa rúsúrúsú kan, kékeré, bí ẹyín iná tó kù nínú eérú. Mo fà á tóbi. Ó di iná. Mo tún fà á tóbi, ìmọ́lẹ̀ iná náà sì fi ògiri hàn mí, ó fi inú ilé hàn mí. Àwọn ènìyàn wà níbẹ̀. Wọ́n kéré débi pé orí ẹlòmíràn kò ju ẹ̀kán ọ̀dà kan lọ, síbẹ̀ ẹ ó mọ̀ pé ènìyàn ni, ẹ ó mọ̀ pé wọ́n sún mọ́ iná nítorí pé òru ni. Mo gbé ọwọ́ lọ sí apá kejì àwòrán. Òṣùpá wà níbẹ̀, ìkùukùu wà lójú rẹ̀, ìmọ́lẹ̀ rẹ̀ tó tutù sì bọ́ sórí ilé àti sórí àwọn ènìyàn mìíràn tó wà níta.

Mo jókòó tì í. N kò mọ̀gbà tí ọmọ dé pẹ̀lú epo. Ó ní, "Màámi, ṣé kí n tàn án?" Mo ní kó dúró ná.

Mo wá ìwé ìlànà ìsìn náà lábẹ́ tábìlì, ẹ̀dà kan tó ṣẹ́kù, mo fi tọ́ọ̀ṣì fóònù wò ó lẹ́gbẹ̀ẹ́ odindi àwòrán. Òṣùpá ò sí níbẹ̀ rárá. Mo ti gé e dànù. Ibi tí iná wà wà níbẹ̀, àmọ́ lẹ́tà tó parí orúkọ ṣọ́ọ̀ṣì ló jókòó lé e lórí, gẹ́lẹ́, bí ẹni tó jókòó lé ọmọ ọwọ́ láìmọ̀.

Mo ti wá mọ ìdí tí mi ò fi rí i tẹ́lẹ̀. Ojú ènìyàn kì í mọ òkùnkùn lójijì. Ó máa ń tó ogún ìṣẹ́jú sí ọgbọ̀n kí apá ibi tó ń ríran lóru nínú ẹyinjú tó jí dáadáa. Ní gbogbo ìgbà tí mo fi ń gé àwòrán yẹn, gílóòbù funfun gbọọrọ méjì ló wà lókè orí mi, fèrèsé wà lẹ́yìn mi, oòrùn ọ̀sán sì ń tàn lójú láàpútọ́ọ̀pù. Kò sí bí mo ṣe fẹ́ rí òru ẹlòmíràn. Ọjọ́ orí àwòrán náà wà níbẹ̀ pẹ̀lú: ọ̀dà tí wọ́n fi òróró pò máa ń mọ́ gaara bó bá ti ń gbó, ohun tó wà lábẹ́ á máa yọ; fáníìṣì orí rẹ̀ á sì máa pọ́n. Ohun tó wà lẹ́yìn Mátíù lè ti hàn ju bẹ́ẹ̀ lọ lójú ẹni tó kọ́kọ́ gbé fìtílà sún mọ́ ọn. Àmọ́ mi ò lè fi gbogbo ẹ̀bi yìí lé ojú àti ọ̀dà lórí. Mo ti pinnu pé kò sí nǹkan níbẹ̀ kí n tó wò ó.

Ilé tí Mátíù dé sí

Mo bẹ̀rẹ̀ sí í wádìí àwọn ènìyàn inú òkùnkùn yẹn. Àwọn onímọ̀ tó ti yẹ àwòrán náà wò gbà pé ìtàn ayé Mátíù ni Savoldo yà sẹ́yìn rẹ̀, àwọn kan nínú wọn sì gbà pé ọ̀kan lára rẹ̀ ni bí wọ́n ṣe gbà á lálejò ní Etiópíà.

Mo ka gbólóhùn yẹn lẹ́ẹ̀mẹta. Etiópíà. Ilẹ̀ Áfíríkà ni mo fi lẹ́tà òféèfèé bò.

Ìtàn náà kò sí nínú Bíbélì. Ó wà nínú ìwé ìtàn àwọn ẹni mímọ́ tí Jacobus de Voragine kó jọ ní ọ̀rúndún kẹtàlá, ìwé tí àwọn ayàwòrán ilẹ̀ Yúróòpù máa ń lọ wá ìtàn sí. Wọ́n ní lẹ́yìn tí àwọn àpósítélì túká, Mátíù lọ sí Etiópíà, sí ìlú kan tí wọ́n pè ní Naddaver. Àwọn onídán méjì ti dẹ́rù ba gbogbo ìlú níbẹ̀. Mátíù borí wọn, ó jí ọmọ ọba dìde, ó sì pẹ́ níbẹ̀ kí ọba mìíràn tó jẹ tó ní kí wọ́n fi idà pa á nídìí pẹpẹ. Àmọ́ kí gbogbo ìyẹn tó ṣẹlẹ̀, ó kọ́kọ́ nílò ibi tí yóò fi orí lé. Ẹni tó sì gbà á sílé ni ìwẹ̀fà Kandákè ọbabìnrin.

Gbogbo wa la mọ ọkùnrin yẹn. Ìṣe Àwọn Àpósítélì, orí kẹjọ: ó wà nínú kẹ̀kẹ́ ẹṣin, ó ń ka ìwé Aísáyà, Fílípì sáré bá a, ó rì í bọmi, ó sì ń bá ọ̀nà rẹ̀ lọ tayọ̀tayọ̀. Ibẹ̀ ni Bíbélì fi í sílẹ̀ sí. Ìtàn Mátíù ló wá fi hàn wá pé ó délé, pé ó ṣì wà láàyè, pé nígbà tí àlejò dé láti ilẹ̀ tí òun ti gba ìgbàgbọ́, ó ṣílẹ̀kùn.

Ọ̀rọ̀ tí Àjàyí Crowther àti àwọn tó bá a ṣiṣẹ́ mú fún ọkùnrin yìí tún dá mi dúró. Wọn ò wá ọ̀rọ̀ tuntun, wọn ò sì fi èdè òkèèrè pè é. "Ìwẹ̀fà" ni wọ́n kọ. Ọmọ Yorùbá tó bá gbọ́ ìwẹ̀fà, ààfin Ọ̀yọ́ ló máa wá sí i lọ́kàn: Ọ̀nà Ìwẹ̀fà tó ń gbọ́ ẹjọ́ lórúkọ ọba, Ọ̀tún Ìwẹ̀fà tí ọ̀rọ̀ Ṣàngó wà lọ́wọ́ rẹ̀, Òsì Ìwẹ̀fà tó ń dúró níbi tí ọba ò lè dúró sí. Àwọn tí ó súnmọ́ ọba jù, tí wọn kì í sì í ṣe ọba. Òye tó jinlẹ̀ ni wọ́n fi yan ọ̀rọ̀ yẹn. Àwọn tó mọ̀ nípa ìtàn Kush, ìjọba àtijọ́ tí Bíbélì pè ní Etiópíà, tún sọ fún wa pé Kandákè kì í ṣe orúkọ ẹnì kan. Oyè ni, bí a ṣe ń sọ pé Aláàfin, àwọn obìnrin ńlá ààfin Meroë tó wà ní Sudan òde òní ló sì ń jẹ ẹ́.

Ohun kan ṣì wà nínú ẹsẹ Bíbélì yẹn tí mi ò kà sí rí. Ìwẹ̀fà náà ló ń ṣe olórí gbogbo ìṣúra ọbabìnrin. Mátíù, ní tirẹ̀, agbowó-òde ni kí Jésù tó pè é. Giorgio Vasari, tó kọ ìtàn ayé àwọn ayàwòrán Ítálì ní ọ̀rúndún kẹrìndínlógún, sọ pé Savoldo ní àwòrán mẹ́rin tó dára gan-an, àwòrán òru àti iná, nínú ilé tí wọ́n ti ń rọ owó ìlú ní Milan. Ọ̀pọ̀ ènìyàn gbà pé èyí jẹ́ ọ̀kan nínú wọn. Bó bá rí bẹ́ẹ̀, ẹ wo àwọn tó máa ń kọjá níwájú rẹ̀: àwọn tó ń wọn fàdákà, àwọn tó ń kà á, àwọn tó ń kọ ọ́ sílẹ̀. Agbowó-òde ló jókòó nínú ìmọ́lẹ̀, olùtọ́jú ìṣúra ló gbà á sílé nínú òkùnkùn ẹ̀yìn rẹ̀. Àwọn ará ilé owó yẹn á mọ ohun tí wọ́n ń wò.

Iná mẹ́ta

Mi ò ní sọ púpọ̀ nípa Savoldo fúnra rẹ̀. Brescia ni wọ́n ti bí i, Venice ló ti lo èyí tó pọ̀ jù nínú ayé rẹ̀. Paolo Pino tó kọ́ṣẹ́ lọ́dọ̀ rẹ̀ tẹ ìwé kan jáde lórí iṣẹ́ àwòrán ní 1548, ó sì sọ níbẹ̀ pé ọ̀gá òun ti lo ayé rẹ̀ lórí iṣẹ́ díẹ̀, orúkọ rẹ̀ kò sì tàn bó ṣe yẹ. Ó dùn mí nígbà tí mo kà á. Nǹkan bí ogójì ọdún lẹ́yìn ìyẹn, ọmọdékùnrin kan tó ń jẹ́ Caravaggio wá kọ́ṣẹ́ ní Milan, òun ló sì wá di ẹni tí gbogbo ayé mọ̀ mọ́ òkùnkùn àti ìmọ́lẹ̀. Ní ọ̀rúndún ogún, Roberto Longhi, onímọ̀ ìtàn iṣẹ́ ọnà, jà fún un pé àwọn ayàwòrán agbègbè Brescia, Savoldo wà lára wọn, ló la ọ̀nà yẹn sílẹ̀ fún Caravaggio. Ayàwòrán tó mọ bí a ṣe ń fi ènìyàn sẹ́yìn, tí wọ́n sì fi òun náà sẹ́yìn.

Ohun tí mo fẹ́ kí ẹ rí nínú iṣẹ́ ọwọ́ rẹ̀ ni pé ìmọ́lẹ̀ mẹ́ta ló wà nínú òru kan ṣoṣo, wọn ò sì jọra. Fìtílà wà fún ẹni tó ń kọ̀wé. Iná igi wà fún àwọn tó wà nínú ilé. Òṣùpá wà fún ẹni tó wà níta. Fìtílà mọ́ jù, torí ó sún mọ́ wa. Àmọ́ ẹ gbé e yẹ̀ wò dáadáa: òun ló kéré jù nínú mẹ́tẹ̀ẹ̀ta. Bí òróró inú rẹ̀ bá tán, ọ̀dọ̀ àwọn tó wà nídìí iná ni wọ́n ti máa lọ bu òmíràn, àbí níbo? Kò sí àlejò tó ń gbé òróró tirẹ̀ rìn láti Jùdíà dé Etiópíà.

Àwọn àgbà ní ojú àlejò la ti ń jẹ gbèsè, ẹ̀yìn rẹ̀ la ti ń san án. Gbogbo ìgbà ni mo máa ń gbọ́ òwe yìí bí ìkìlọ̀ fún ẹni tó fẹ́ràn àṣehàn. Lẹ́yìn alẹ́ yẹn, mo gbọ́ ọ lọ́nà mìíràn. Ẹnì kan ló san gbèsè òróró fìtílà yẹn.

Ọwọ́ tó wà léjìká Màmá

Mo ti sọ pé ìwé ìsìnkú ni mò ń ṣe lálẹ́ ọjọ́ náà. N kò tíì sọ ohun tí mò ń ṣe sí i.

Bí ẹnì kan bá kú, tí àwọn ọmọ rẹ̀ bá wá sọ́dọ̀ wa, fọ́tò tó dára jù tí wọ́n máa ń ní ni èyí tí wọ́n yà níbi ayẹyẹ ẹlòmíràn. Màmá wọ aṣọ ẹbí, gèlè rẹ̀ dúró ṣánṣán, ó ń rẹ́rìn-ín. Àmọ́ àwọn ènìyàn yí i ká. Iṣẹ́ tiwa ni láti yọ wọ́n kúrò. A ó gé ẹni ọ̀tún, a ó gé ẹni òsì, a ó pa àwọn tó wà lẹ́yìn rẹ́, a ó fi ojú ọ̀run aláwọ̀ búlúù àti òdòdó dípò wọn. Mo ti ṣe é fún ọdún mọ́kànlá. Mo mọ̀ ọ́n ṣe dáadáa.

Èyí tí mò ń ṣe lálẹ́ ọjọ́ yẹn, mo ti yọ gbogbo ènìyàn tán. Ó wá ku ọwọ́ kan. Ẹni tó ni í ti kúrò nínú fọ́tò, àmọ́ ọwọ́ rẹ̀ wà léjìká Màmá, ìka mẹ́rin, òrùka kékeré kan, èékánná tí wọ́n gé kúrú. Ọwọ́ tó di ènìyàn mú bí ìgbà tí wọ́n ti jọ ń rìn bọ̀ tipẹ́. Mo ti bẹ̀rẹ̀ sí í fi àwọ̀ aṣọ kùn ún kí iná tó lọ. Mo ti pa ìka méjì rẹ́.

Lẹ́yìn tí mo rí iná Savoldo, mi ò lè pa ìka méjì tó kù. Mo dá èyí tí mo ti pa padà. Nígbà tí ọmọkùnrin olóògbé dé láàárọ̀, mo ní, "Ẹ má bínú, ẹ̀gbọ́n. Ọwọ́ ta nìyí?"

Ó wò ó pẹ́. Ó ní, "Aládùúgbò wọn ni. Ọ̀dọ̀ wọn la máa ń jẹun nígbà tí Màmá bá lọ sọ́jà Bódìjà." Ó dákẹ́. "Àwọn náà ti ṣaláìsí."

Mo bi í bóyá kí n yọ ọ́. Ó ní kí n fi sílẹ̀.

Mi ò ní sọ pé gbogbo ohun tó wà lẹ́yìn fọ́tò ló yẹ ká fi sílẹ̀. Àwọn fọ́tò kan wà tí ẹni tó wà lẹ́yìn jẹ́ ẹni tí ẹbí ò fẹ́ rí mọ́, wọ́n sì ní ìdí wọn. Ohun tí mò ń sọ ni pé fún ọdún mọ́kànlá, mi ò béèrè rí. Ohun tó wà lẹ́yìn ẹ̀fà, ó ju èje lọ. Mo ti ń pa á lówe láti kékeré, mo sì ń fi ọwọ́ ara mi gé ohun tó wà lẹ́yìn ẹ̀fà dànù lójoojúmọ́, mò ń gbowó lé e.

Ní Venice tí Savoldo ń gbé, àwòrán kan wà tí Vittore Carpaccio ti yà ṣáájú rẹ̀, ní nǹkan bí 1496, nípa iṣẹ́ ìyanu kan tó ṣẹlẹ̀ lẹ́bàá afárá Rialto. Iṣẹ́ ìyanu náà wà lókè, nígun kan. Ohun tó gba ojú àwòrán jù ni odò àti àwọn ọkọ̀ ojú omi. Ọ̀kan nínú àwọn tó ń tukọ̀ jẹ́ ọmọ Áfíríkà, ó wọṣọ tó dára, ó tẹ̀ síwájú lórí àjẹ̀ rẹ̀, iṣẹ́ ló gbájú mọ́. A ò mọ orúkọ rẹ̀. Àmọ́ Carpaccio ti rí i. Àwọn ayàwòrán wọ̀nyí ń gbé ìlú tí àwọn ènìyàn wa wà nínú rẹ̀. Nígbà tí Savoldo ń ro Etiópíà, kì í ṣe ibi tí ẹnikẹ́ni ò ti í wá rí ló ń rò. Ní Rome, tó tó ogún ọdún kó tó ya Mátíù yìí, wọ́n ti tẹ ìwé Sáàmù jáde ní èdè Ge'ez ti àwọn ará Etiópíà, ní 1513. Èmi tí mò ń tẹ̀wé, ìyẹn múnú mi dùn ju bí mo ṣe lè sọ lọ.

Bàbá padà wá

Mo pe Bàbá. Mo ní mo fẹ́ bá wọn sọ̀rọ̀ kan nípa ìwé ìlànà ìsìn, wọ́n sì rò pé owó ló kù. Nígbà tí wọ́n dé, mo fi odindi àwòrán hàn wọ́n, mo ṣàlàyé iná, mo ṣàlàyé òṣùpá, mo sọ ti ìwẹ̀fà. Mo tọrọ àforíjì.

Wọ́n ò dá mi lóhùn lójú ẹsẹ̀. Wọ́n ní kí n bá wọn ka Ìṣe Àwọn Àpósítélì, orí kẹjọ, láti ẹsẹ kẹrìndínlọ́gbọ̀n. Mo kà á lórí fóònù. Nígbà tí mo parí, wọ́n ní, "Nígbà tí wọ́n kọ́kọ́ gbé ẹ̀sìn dé abúlé wa, ilé bàbá bàbá mi ni olùkọ́ dé sí. Ọdún mẹ́ta ló fi jẹun níbẹ̀. Orúkọ olùkọ́ wà lára òkúta ní ṣọ́ọ̀ṣì títí dòní." Wọ́n ò parí gbólóhùn yẹn, mi ò sì bi wọ́n ní ìyókù.

Wọ́n ní kí n tún un tẹ̀, ẹyọ kan péré, ńlá, láìkọ lẹ́tà kankan sí i, kí wọ́n gbé e kọ́ sínú yàrá ìpàdé. Mo ní mi ò ní gbowó.

Ó le ju bí mo ṣe rò lọ. Ìmọ́lẹ̀ ló ń gbé àwòrán jáde lójú kọ̀ǹpútà. Orí pépà, íǹkì nìkan ló wà, íǹkì sì máa ń mu ara rẹ̀ níbi tó bá ti dú jù. Èyí tí mo kọ́kọ́ tẹ̀, iná náà kò jáde rárá. Mo ṣí dúdú rẹ̀ díẹ̀, mo tún un tẹ̀: gbogbo ẹ̀yìn wá di eérú, Mátíù sì pàdánù òru rẹ̀. Mo dá a padà, mo fi ọwọ́ ṣe ibi tí iná wà nìkan, díẹ̀díẹ̀, bí ẹni ń fẹ́ iná ní ìdáná. Ẹ̀ẹ̀karùn-ún ni ó tó jáde, kò ju hóró ọkà bàbà lọ, lórí pépà tó ń dán.

Bàbá wá wò ó lọ́sàn-án àná. Wọ́n wọ awò ojú wọn, wọ́n tẹ̀ ba tábìlì, wọ́n wò ó títí. Gílóòbù òkè ń tàn padà lójú pépà náà, ó fún un ní ojú funfun gbàrà.

"Ọmọ mi," wọ́n ní, "bá mi pa iná yẹn."

Mo pa á. A jọ gbé àwòrán náà, èmi lórí, àwọn lẹ́sẹ̀, a gbé e lọ sẹ́nu ọ̀nà níbi tí ìmọ́lẹ̀ òde ò ti pọ̀ jù. Bàbá yọ ọwọ́ kan sílẹ̀, wọ́n sì fi ìka kékeré wọn tọ́ ibẹ̀, wọn ò kàn án.

"Wọ́n ti ń dáná," wọ́n ní.